Àga Rẹ Tí Mo Bá Ọ Jókòó Lé

Akọ̀wé mi,

Bó bá jẹ́ àárọ̀ ni lẹ́tà yìí bá ọ, mo ní o kú àárọ̀. Bó bá jẹ́ ìrọ̀lẹ́ ni, mo ní o kú ìrọ̀lẹ́. Bó bá sì jẹ́ ìgbà tí inú ṣì ń bí ọ sí mi ló dé, mo ní o kú ìbínú, ṣáà jókòó kó o tó kà á. Ṣé àlàáfíà lo wà? Ṣé onílé rẹ ti tún ilẹ̀kùn tó ń ké yẹn ṣe, àbí èmi náà ló ń retí? Ojú ò ní tì ọ́ láàárín ẹgbẹ́. Ibi tó o bá fẹsẹ̀ lé kò ní yọ̀ bí ẹ̀bá kànga wa. Àwọn tó jókòó ṣẹjọ́ rẹ, bí wọ́n bá fẹ́ kọ ohun búburú sílẹ̀, bíró wọn yóò gbẹ, bí wọ́n bá fẹ́ kọ ohun rere, yóò máa ṣàn geere. Àmín. Ìyá rẹ náà ṣe àmín lórí bẹ́ẹ̀dì, ó ní kí n kọ ọ́ síbí pé àmín tòun lágbára ju tèmi lọ, torí òun ò ba iṣẹ́ ẹnikẹ́ni jẹ́.

Ilé wà bó ṣe wà. Ẹsẹ̀ ìyá rẹ ṣì wà nínú sìmẹ́ńtì funfun tí dókítà fi dì í, ojoojúmọ́ ni mo sì ń yẹ̀ ẹ́ wò, torí ẹni tó ti bá bíríkìlà ṣiṣẹ́ tó bí èmi kì í ṣe òpè nídìí sìmẹ́ńtì. Mo sọ fún nọ́ọ̀sì tó ń wá wò ó pé ó yẹ kí wọ́n máa bomi rin ín láàárọ̀ àti nírọ̀lẹ́ kó má baà sán, bí a ti ń ṣe sí ilẹ̀ tuntun. Nọ́ọ̀sì ní kí n má dán an wò láéláé. Kó tó sọ bẹ́ẹ̀ ni mo ti da ike omi kan sí i. Ìdí nìyẹn tí wọ́n fi tún un dì, tí ìyá rẹ wá sọ fún ọ lórí fóònù pé dókítà kàn fẹ́ tún un wò ni. Ó bò mí láṣìírí. Ọ̀pá abíyá tí mo gbẹ́ fún un náà ti parí. Èkíní ga ju òun fúnra rẹ̀ lọ, mo gé e, mo tún gé e, ó wá di ohun tí a fi ń gbé fèrèsé dúró. Èkejì ló ń lò báyìí. Káfíńtà ni gbogbo ìlú ń pè mí o, tẹ́lẹ̀ mo rò pé iṣẹ́ mi ni wọ́n fi ń kí mi, báyìí ó jọ pé yẹ̀yẹ́ ni wọ́n ń fi mí ṣe.

Nígbà tó o pè mí lẹ́yìn tí ìgbìmọ̀ yẹn jókòó, ohun kan ṣoṣo lo bi mí. O ní kí ni mo sọ fún wọn nínú yàrá nígbà tí wọ́n ní kó o dúró síta. Mo dáhùn pé nẹ́tíwọ́ọ̀kì ò dára, mo sì pa fóònù. Ọmọ mi, nẹ́tíwọ́ọ̀kì dára, bàbá rẹ ni ò dára. Ojú ló ń tì mí. Mo wá ní kí n jókòó kí n kọ gbogbo rẹ̀ sílẹ̀ kí ìdájọ́ wọn tó jáde, kó o mọ ohun tí mo ṣe àti ohun tí mo sọ, bó bá sì jẹ́ pé èmi ni mo fi ẹnu mi lé ọ kúrò lẹ́nu iṣẹ́, kó o lè mọ ibi tí wàá ti bẹ̀rẹ̀ sí í bú mi.

Jẹ́ kí n bẹ̀rẹ̀ látorí ìgbà tí ìyá rẹ ṣubú lẹ́bàá kànga, tí ẹsẹ̀ rẹ̀ ṣẹ́. O gbọ́ lónìí, ilẹ̀ ọ̀la mọ́ o dé, báàgì ọwọ́ nìkan lo gbé. Nígbà náà ìwọ lò ń wẹ̀ ẹ́, ìwọ lò ń yí i padà, ìwọ lò ń fún un lóògùn. Èmi ńkọ́? Ọjọ́ tí mo gbìyànjú àtigbé e, ibi tí mi ò gbọ́dọ̀ fọwọ́ kàn gan-an ni mo dì mú, igbe tó ké mú kí ewúrẹ́ aládùúgbò já okùn. Mo se oúnjẹ fún un, mo fi iyọ̀ sí i lẹ́ẹ̀mejì torí mo gbàgbé èyí tí mo kọ́kọ́ fi sí i. O fi ọ̀wọ̀ sọ fún mi pé kí n lọ sinmi níta. Mo lọ sinmi níta. Ẹni tí ò rí nǹkan kan ṣe, ìsinmi máa ń sú u kíákíá.

Níta tí mo jókòó sí yẹn ni rédíò ti sọ ọ́ pé ìjọba ò ní gbà fún òṣìṣẹ́ tó bá ń pa iṣẹ́ jẹ mọ́, pé ẹni tí wọn ò bá rí lẹ́nu iṣẹ́, kí ó kúkú wà nílé tirẹ̀ títí ayé. Ọkàn mi fò. Mo rí ọ bó o ṣe ń pe ọ̀gá rẹ láti tọrọ àyè, tó o ń pè é, tó o tún ń pè é. Obìnrin kan ló máa ń gbé e. Ohùn rẹ̀ tutù, ó máa ń sọ pé ẹni tí ò ń pè kò sí lórí ìlà. Ìwọ á pa á láìkí i. Mo ní ọmọ mi tí mo tọ́ dáadáa nìyí, ìyàwó ọ̀gá rẹ̀ gbé fóònù, kò kí i! Nígbà tó o lọ fa omi, mo mú fóònù náà, mo tẹ ibi tí mo rí tí ìka rẹ ń tẹ̀, mo sì bá obìnrin náà sọ̀rọ̀ bó ti yẹ. Mo kí i, mo béèrè àwọn ọmọ, mo ṣàlàyé ẹsẹ̀ ìyá rẹ láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, mo ní kó bá wa sọ fún ọkọ rẹ̀. Kò já ọ̀rọ̀ gbà mọ́ mi lẹ́nu rárá. Ó kàn tún sọ pé kò sí lórí ìlà, mo wá mọ̀ pé ọkọ náà kì í gbélé.

Síbẹ̀ ọkàn mi ò balẹ̀. Mo wá ronú kan ọ̀nà odò. O mọ bí a ṣe ń ṣe é níhìn-ín. Ọjọ́ tí a bá fẹ́ ro ọ̀nà náà, ilé kọ̀ọ̀kan á mú ọwọ́ kan wá. Bí ara bàbá ò bá yá, ọmọ á lọ, bí ọmọ ò bá sí nílé, àbúrò á lọ, kò sẹ́ni tó ń béèrè ojú ta ni, ọkọ́ ni wọ́n ń kà. Ìgbà tí ẹ̀yìn ń dùn mí, ṣebí ìyá rẹ ló lọ dúró fún mi, tí wọ́n dúpẹ́ tí wọ́n sì ní kí ẹ̀yìn máa dùn mí lọ, torí ọwọ́ ìyàwó mi yá ju tèmi lọ. Mo bi ara mi pé kí ni iṣẹ́ ìjọba bí kò ṣe ọ̀nà odò tó gùn díẹ̀. Àga ọmọ mi ṣófo, èmi sì wà níta tí mò ń sinmi. Mo purọ́ fún ẹ̀yin méjèèjì pé mo rí òrùlé ilé ẹ̀kọ́ kan kàn ní ìlú kejì. Mo gbé àpótí irinṣẹ́ mi, mo di adìyẹ dúdú wa sínú agbọ̀n láti fi dúpẹ́ lọ́wọ́ ọ̀gá rẹ, mo wọ bọ́ọ̀sì, ó di ọ̀dọ̀ onílé rẹ, ó ṣí yàrá rẹ fún mi.

Ní àárọ̀ tí mo dé ọ́fíìsì ìwé ilẹ̀ yín, mẹ́séńjà yín ni mo kọ́kọ́ bá, ó dúró ti ìwé ńlá kan lẹ́nu ọ̀nà, ó ń kọ nǹkan sí i. Mo bi í pé kí ló ń kọ. Ó ní òun ń bá ọ̀gá buwọ́ lù ú pé ọ̀gá ti dé. Mo wo ọ̀tún, mo wo òsì, mi ò rí ọ̀gá. Mo bi í pé ṣé wọ́n máa ń bá èèyàn buwọ́ lù ú níbí ni. Ó wò mí bí ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ dé ayé, ó ní, bàbá, kí lẹ ti rò. Inú mi dùn dé ìsàlẹ̀ ikùn. Mo ní ìjọba àti àwa ará oko, ọ̀kan náà ni wá! Mo sọ fún un pé ọmọ mi lèmi náà wá dúró fún. Ó rẹ́rìn-ín, ó na bíró sí mi. Mo wá orúkọ rẹ, mo sì rọra kọ ọ́ síbẹ̀ pẹ̀lú ọwọ́ tó dára jù tí mo ní, ahọ́n mi yọ síta bí mo ṣe ń kọ ọ́.

Akọ̀wé mi, àga rẹ yẹn burú. Ẹsẹ̀ rẹ̀ kan kúrú, bébà tí ẹ ká síbẹ̀ ti di ìdọ̀tí. Ṣé orí nǹkan tó ń mì báyìí lo ti ń jókòó láti ọdún yìí wá tí o ò sọ fún bàbá rẹ? Mo tún un ṣe kí n tó jókòó. Ẹni tó ń jókòó lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ rí i, ó gbé tirẹ̀ wá. Ká tó jẹun ọ̀sán, wọ́n ti ń gbé àga wá láti yàrá òkè. Kọ̀ǹpútà rẹ ni mo jókòó tì tí mi ò fọwọ́ kàn án, nígbà tó pẹ́ díẹ̀ ojú rẹ̀ ṣókùnkùn, mo wò ó pé ó rí i pé kì í ṣe ìwọ, ó bínú sùn. Mo fi aṣọ ìnujú mi bò ó kí afẹ́fẹ́ tútù inú yàrá yín má baà mú un. Àwọn tó wá béèrè ìwé ilẹ̀ wọn, mo bẹ̀ wọ́n pé mi ò mọ nǹkan kan nípa ìwé ilẹ̀, àmọ́ kí wọ́n jókòó, àga yẹn ti dúró dáadáa.

Adìyẹ ńkọ́? Mo so ó mọ́ ẹsẹ̀ tábìlì rẹ, kí n lè fún ọ̀gá nígbà tó bá dé. Ọ̀gá ò dé. Mo máa ń lọ wo ilẹ̀kùn rẹ̀ láàárọ̀, màá tún lọ wò ó kí a tó ṣíwọ́, àgádágodo ṣì wà lẹ́nu rẹ̀. Adìyẹ wá yé ẹyin sínú àwo tí ẹ ń kó bébà sí. Ó tún yé òmíràn. Àwọn ará ọ́fíìsì yín ń fún un ní bísíkíìtì, wọ́n sọ ọ́ ní Igbákejì Ọ̀gá. Kò pẹ́ ó gbé ara rẹ̀ gun orí àwọn fáìlì tó wà ní igun ilé, ó fẹ ìyẹ́ sílẹ̀, ó bẹ̀rẹ̀ sí í sàba. Bí mo bá fẹ́ fọwọ́ kàn án, ó ń ṣá mi jẹ. Mo fi í sílẹ̀.

Ọjọ́ tí ìyá rẹ lè dìde jókòó fúnra rẹ̀, tó o wá padà sẹ́nu iṣẹ́, ọjọ́ náà gan-an ni ẹnìkan ti lọ sọ fún ọ̀gá rẹ pé àgbàlagbà kan ti sọ ọ́fíìsì rẹ̀ di ṣọ́ọ̀bù káfíńtà. O wọlé láti ẹnu ọ̀nà, òun náà wọlé tẹ̀lé ọ. O bá mi lórí ìkúnlẹ̀, òòlù wà lọ́wọ́ mi, ìṣó wà lẹ́nu mi. O wo ìwé ńlá yẹn, o rí orúkọ rẹ. O ní, bàbá mi, ẹ ti pa mí. Mo fẹ́ dá ọ lóhùn, àmọ́ ìṣó kún ẹnu mi.

Ìwé tí wọ́n kọ sí ọ, mo kà á. Wọ́n ní a ò rí ọ, wọ́n ní kó o jọ̀wọ́ ṣàlàyé. Mo kọ́kọ́ ní ìjọba yìí mà nífẹ̀ẹ́ ọmọ mi o, torí níhìn-ín bí wọ́n bá ní a ò rí ọ, àárò rẹ ló ń sọ wọ́n. Ìwọ lo sọ fún mi pé bí àlàyé náà ò bá dùn mọ́ wọn, iṣẹ́ bọ́ nìyẹn. O ṣàlàyé pé pípa tó o pa iṣẹ́ jẹ ì bá jẹ́ ẹ̀ṣẹ̀ kékeré, ìwọ náà lè bẹ̀bẹ̀ pé ìyá rẹ ṣubú, ìwé dókítà sì wà. Ọwọ́ tí mo bá ọ bù lù ú yẹn ló sọ ọ́ di irọ́, tó wá dà bí ẹni pé o rán mi. Mo wá lọ ràn ọ́ lọ́wọ́, mo fi ràn ọ́ ṣubú. Wọ́n ní kó o lọ wà nílé títí ìgbìmọ̀ yóò fi jókòó, wọ́n sì ránṣẹ́ pe èmi náà.

Ó ku ohun tó ṣẹlẹ̀ nínú yàrá. Àwọn mẹ́ta ló jókòó sẹ́yìn tábìlì, ìyá kan tó fi okùn so awò ojú rẹ̀ mọ́ ọrùn ni alága. Ọ̀gá rẹ jókòó lápá òsì pẹ̀lú ìwé ńlá yẹn. Òun ló kọ́kọ́ sọ̀rọ̀. Ó ní o sá kúrò lẹ́nu iṣẹ́ láìsọ fún ẹnikẹ́ni, o rán ayédèrú wá láti buwọ́ lùwé, o sọ ọ́fíìsì ìjọba di ilé adìyẹ, kí wọ́n pa orúkọ rẹ rẹ́ lónìí olónìí. Ayédèrú yẹn, èmi ni. Ìyá alága ní agbẹ́jọ́ẹnìkan-dá, àgbà òṣìkà, òun ò ní í fi àgbà òun ṣe ìkà, kí bàbá sọ tirẹ̀. Bí mo ṣe dìde ni mo rí i pé àga tí ìyá náà jókòó lé ń mì. Mi ò lè pa á mọ́ra. Mo ní kí wọ́n jọ̀wọ́, mo ká bébà kan, mo tì í sábẹ́ ẹsẹ̀ rẹ̀. Mo ní àga tí wọ́n máa fi ṣẹjọ́ ọmọ mi kò gbọ́dọ̀ mì. Ọ̀gá rẹ ní ẹ ò rí i, ẹ ò rí i.

Wọ́n bi mí pé ṣé o tọrọ àyè kó o tó lọ. Mo ní dáadáa, ìyàwó ọ̀gá yìí mọ̀ sí i, èmi fúnra mi ni mo bá a sọ̀rọ̀. Ọ̀gá rẹ ní kò sí ìyàwó òun kankan tó ń gbé fóònù òun. Mo bẹ̀ ẹ́ pé kó má ṣe sẹ́ obìnrin tó níwà báyẹn lójú gbogbo èèyàn. Ìyá alága yọ fóònù tirẹ̀, ó tẹ nọ́ńbà kan, ó gbé e sáàárín tábìlì, obìnrin yẹn sì dáhùn! Mo ní òun nìyí, báwo ló ṣe dé ibí? Wọ́n rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú wọn, èmi náà bá wọn rẹ́rìn-ín kí n má baà dá wà, kó tó di pé wọ́n ṣàlàyé fún mi pé ẹ̀rọ ni. Ọmọ mi, ẹ̀rọ ni mo bi léèrè àwọn ọmọ rẹ̀. Àmọ́ ìyá alága kò rẹ́rìn-ín pẹ́. Ó ní bó bá jẹ́ pé ẹ̀rọ ló ń dá ọmọ náà lóhùn, a jẹ́ pé ó pe ọ̀gá rẹ̀ nìyẹn, kí ọ̀gá gbé fóònù rẹ̀ wá. Wọ́n rí nọ́ńbà rẹ lọ́pọ̀ ìgbà nínú àwọn àtẹ̀jíṣẹ́ tó ń sọ ẹni tó pè é.

Wọ́n tún bi ọ̀gá rẹ pé nígbà tí mo ń jókòó sórí àga rẹ, kí ló dé tí kò lé mi jáde. Ó ní ojoojúmọ́ ni ojú òun ń rí mi, òun kàn bọ̀wọ̀ fún irun funfun ni. Akọ̀wé mi, ìbẹ̀rù mú mi. Ṣé ọ̀gá ọmọ mi ń kọjá lójú mi lójoojúmọ́, tí mi ò kí i? Irú àìmọ̀wàáhù wo nìyẹn? Mo dọ̀bálẹ̀ gbalaja sílẹ̀ yàrá náà, mo ní kó foríjì mí, pé ojú mi ò dára mọ́, pé mo dúró dè é títí, pé adìyẹ tí mo mú wá fún un náà dúró dè é títí ó fi yé ẹyin, ó tún dúró títí ó fi sàba, kò sí èyí tó rí i nínú àwa méjèèjì. Mo ní bó bá jẹ́ pé ó ń ti inú àgádágodo yẹn wọlé ni, kó dárí jì mí. Mo tún ní mẹ́séńjà rẹ̀ ṣèèyàn gan-an, òun ló máa ń bá a buwọ́ lùwé láàárọ̀, ó sì máa ń fa ìrù tó dára sí i lẹ́yìn, òun náà ló kọ́ mi.

Ọ̀gá rẹ ní kí wọ́n dá a lóhùn lórí ọ̀rọ̀ adìyẹ ná. Ìyá alága ní ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ lé akátá jìnnà ná, ká tó fàbọ̀ bá adìyẹ. Mo yọjú wo ìta fèrèsé bóyá akátá wà níbẹ̀ lóòótọ́, torí adìyẹ mi. Nígbà tí mo yíjú padà, ọ̀gá rẹ ń fi aṣọ ìnujú nu iwájú orí, ìyá alága sì ń ṣí ìwé ńlá yẹn ní ojú ewé kọ̀ọ̀kan. Àánú ọkùnrin náà ṣe mí. Mo ní kí wọ́n má bínú sí i, bóyá òun náà ní aláìsàn nílé, kí wọ́n bi í. Mo ní kí wọ́n má sì bá mẹ́séńjà wí, iṣẹ́ tí wọ́n rán an ló jẹ́. Ìyá alága ní wọn ò ní bá ẹnikẹ́ni wí láìgbọ́ tẹnu rẹ̀, pé òfin tí wọ́n fi mú ọmọ mi náà ni wọn ó fi mú ọ̀gá, kò ní gùn fún ẹnìkan kó kúrú fún ẹlòmíràn. Mo ní bó ti yẹ kí ẹsẹ̀ àga rí nìyẹn.

Lẹ́yìn náà ló wá bi mí ní ohun tí ẹnikẹ́ni ò tíì bi mí, ìwọ gan-an ò bi mí rí. Ó ní kí ló mú mi ṣe é. Mo ti pèsè ọ̀rọ̀ ọ̀nà odò sílẹ̀, àmọ́ kò jáde. Mo ní ìyàwó mi wà lórí bẹ́ẹ̀dì, èmi ọkọ rẹ̀ ló yẹ kí n wà níbẹ̀, mi ò mọ̀ ọ́n ṣe. Ọmọ mi fi àga rẹ̀ sílẹ̀, ó wá jókòó sórí tèmi. Mo wò ó pé bó bá bá mi di tèmi mú, ó yẹ kí n lè bá a di tirẹ̀ mú. Mo ní kò sí ohun míì tó mú mi ṣe é ju ìfẹ́ àti òmùgọ̀ lọ, àwọn méjèèjì ló sì bá mi dàgbà. Omi bọ́ lójú mi, mi ò pa á mọ́ fún ọ. Ìyá alága bọ́ awò ojú rẹ̀, ó nù ún pẹ́. Inú bọ́ọ̀sì ni mo ti ṣẹ̀ṣẹ̀ wá mọ ohun tí mo fi ẹnu ara mi sọ nípa ọ̀gá rẹ, mo pariwo, awakọ̀ rò pé mo fẹ́ sọ̀ kalẹ̀.

Ibí ni mo dé tí mo gbé bíró sílẹ̀ lánàá, torí fóònù ké, ìwọ ni. Mo bẹ̀rù débi pé ìyá rẹ ni mo gbé e fún. Mo dúró lẹ́nu ọ̀nà, mò ń wo ojú rẹ̀. Nígbà tó pariwo, mi ò mọ̀ bóyá ti ayọ̀ ni àbí ẹsẹ̀ rẹ̀ ni. Ó wá sọ fún mi pé wọ́n ní kó o padà sẹ́nu iṣẹ́, pé wọ́n kọ ìwé ìkìlọ̀ kan sí ọ torí pé o ò kọ̀wé sílẹ̀ kó o tó lọ, pé àwọn ọjọ́ tó o fi tọ́jú òun, wọn ó yọ ọ́ nínú ìsinmi rẹ ọdún yìí. Ó ní ìgbìmọ̀ míì máa gbọ́ tẹnu ọ̀gá rẹ, pé wọ́n sọ fún mẹ́séńjà pé kò gbọ́dọ̀ bá ẹnikẹ́ni buwọ́ lùwé mọ́. Ó ní wọ́n dárúkọ èmi náà, wọ́n ní n kò gbọ́dọ̀ dé ibẹ̀ mọ́ àfi bí àlejò. Mo gbà. Ìyà náà kò ju ẹ̀ṣẹ̀ lọ. Mo lọ sẹ́yìn ilé, mo jó díẹ̀, ẹ̀yìn mú mi.

Ọmọ mi, nísinsìnyí mo fẹ́ kó o bá mi ṣe nǹkan díẹ̀. Fi owó díẹ̀ ránṣẹ́ fún oògùn ìyá rẹ, kó o sì fi díẹ̀ lé e fún bàtà, torí èyí tí mo wọ̀ lọ síwájú ìgbìmọ̀ ti la ẹnu. Má ṣe gbé e sí báǹkì, torí báǹkì tí mo lọ kẹ́yìn, ẹ̀rọ ara ògiri gbé káàdì mi mì, mo dúró dè é kó pọ̀ ọ́ títí wọ́n fi tilẹ̀kùn. Bá mi wo adìyẹ pẹ̀lú. Bó bá ti pa ọmọ, má jẹ́ kí wọ́n lé e, kọ̀wé sílẹ̀ fún un kó o tó gbé e wá. Bó o bá sì fẹ́ wá wo ìyá rẹ, tọrọ àyè lórí ìwé, gba èsì, kó o tó wọ bọ́ọ̀sì. Ṣùgbọ́n má kánjú, torí èmi náà ti bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Èmi ni mò ń wẹ̀ ẹ́ báyìí, nọ́ọ̀sì ló kọ́ mi bí wọ́n ṣe ń gbé e, ewúrẹ́ aládùúgbò ò já okùn mọ́. Ìyá rẹ fi èédú fa ìlà sára ògiri lẹ́gbẹ̀ẹ́ bẹ́ẹ̀dì, bí mo bá dé lásìkò pẹ̀lú oògùn, á fa ọ̀kan fún mi.

Lónìí mo dé ibẹ̀, kò fa ìlà fún mi. Ó ní n kò wá sẹ́nu iṣẹ́ lánàá. Mo ní ṣebí orí àpótí yìí ni mo jókòó sí títí ilẹ̀ fi ṣú! Ó ní ara mi ló jókòó, oorun ló gbé èmi lọ, òun pè mí títí fún omi, òun ò rí ẹnìkan lórí ìlà. Mo ní kó má ṣe jẹ́ agbẹ́jọ́ẹnìkan-dá, kó gbọ́ tẹnu mi. Ó gbé ọ̀pá abíyá rẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́, ó ní òun ń gbọ́. Mo ní láti ọjọ́ tó ti ṣubú ni n kò ti sùn dáadáa, ìbẹ̀rù pé n ó pàdánù rẹ̀ ló ń jí mi, àná tó o pè wá pé iṣẹ́ rẹ kò bọ́, tí mo sì rí i tó fi ẹsẹ̀ rẹ̀ tẹ ilẹ̀ díẹ̀, ni oorun tó sá fún mi ṣẹ̀ṣẹ̀ padà wá. Ó mú èédú, ó fa ìlà àná fún mi, ó ní àmọ́ òun á kọ ìwé ìkìlọ̀.

Ọlọ́run yóò dá ọ sí fún wa. Àga tó o bá jókòó lé kò ní mì. Ọjọ́ tó o bá nílò ẹni tó máa dúró fún ọ, wàá rí i, kò sì ní jẹ́ irú èmi.

Èmi ni bàbá rẹ tó wà lẹ́nu iṣẹ́. Ìyá rẹ ti buwọ́ lù ú nísàlẹ̀ yìí fúnra rẹ̀ pé òótọ́ ni.